Orúkọ Bàbá Mi Nínú Àtòjọ Kọ́lẹ́ẹ̀jì Béoogo

Ọjọ́ Àìkú, 6 oṣù kẹrin 2025

Mo ra ìwé yìí ní Dapoya, àdúgbò wa, lónìí. Agathe ló ní kí n rà á. Ó ní ẹni tó bá fẹ́ tún àtòjọ ṣe gbọ́dọ̀ máa kọ ohun tó bá rí sílẹ̀, àti ibi tó ti rí i, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ orí rẹ̀ á dàrú láàárín ọ̀sẹ̀ méjì. Tíṣà ni Agathe ní ìlú Bobo, òun ló kọ́ àwa obìnrin méjìlá bí a ṣe ń kọ nǹkan sórí Wikipédíà nínú oṣù kejì. Àwọn mọ́kànlá yòókù ti padà sẹ́nu ọjà wọn. Èmi nìkan ni nǹkan yìí ṣì ń yún lọ́wọ́.

Kọ́lẹ́ẹ̀jì Béoogo máa pé ọgọ́ta ọdún ní ìparí oṣù karùn-ún. Madame Nathalie, ọ̀gá ilé-ìwé náà, gbé ìwé àjọ̀dún wọn wá sí búrọ́ọ̀ ìtẹ̀wé mi pé kí n bá wọn tẹ̀ ẹ́. Ojú-ìwé tó gbẹ̀yìn ni orúkọ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ àtijọ́ tó di ẹni àmúyangàn, ó sì ní kí n kàn dà á kọ láti orí Wikipédíà. Mo ṣí i. Orúkọ mẹ́tàdínláàádọ́ta, kò sí ẹ̀rí ẹyọ kan lábẹ́ wọn. Wọ́n ti lẹ ìkìlọ̀ mọ́ ọn lókè: orúkọ tí kò bá ní ẹ̀rí títí oṣù karùn-ún yóò fi parí, wọn yóò yọ ọ́.

Orúkọ kejìdínlógún ni bàbá mi. Bouraïma Ganiou, ipò kìíní nínú ìdíje ìṣirò gbogbo Haute-Volta, orúkọ àtijọ́ orílẹ̀-èdè wa, 1972. Fọ́tò wọn wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, èyí tí wọ́n dé fìlà funfun yà. Hamed àbúrò mi ló fi í síbẹ̀ lọ́dún mẹ́ta sẹ́yìn, ọjọ́ tó kọ́kọ́ rí orúkọ náà lórí fóònù. Láti ìgbà náà ni wọ́n ti ń pe Bàbá ní Alhaji Premier, ìyẹn Alhaji Ẹni Kìíní, ní mọ́ṣáláṣí.

Ọ̀dọ̀ Bàbá ni màá ti bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀rí tiwọn kò lè jìnnà, inú ilé kan náà là ń gbé.

Ìṣẹ́gun, 8 oṣù kẹrin

Mo bi Bàbá níbi tí wọ́n ti ń mu kókó.

"Bàbá, ìwé-ẹ̀rí ìdíje ìṣirò yẹn dà?"

"Ikán ti jẹ ẹ́."

"Kí ni wọ́n fi ta yín lọ́rẹ nígbà náà?"

"Ìwé."

"Ìwé wo?"

Wọ́n gbé ife sílẹ̀. "Rùkáyàt, ṣé o ti di ọlọ́pàá ni?" Wọ́n rẹ́rìn-ín, èmi náà rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n wọn kò mu kókó náà tán kí wọ́n tó lọ sí ṣọ́ọ̀bù. Bàbá mi kì í fi kókó sílẹ̀.

Sátidé, 12 oṣù kẹrin

Mo lo gbogbo òwúrọ̀ nínú yàrá tí wọ́n ń kó ẹrù àtijọ́ sí ní Béoogo. Eruku wọ imú mi dé ọpọlọ. Ikán ti jẹ ìwé orúkọ láti 1968 sí 1975. Kò jẹ ti ọdún mìíràn, àfi bí ẹni pé wọ́n rán an níṣẹ́.

Síbẹ̀, mo rí mẹ́ta lónìí! Obìnrin tó gbá bọ́ọ̀lù àfọwọ́gbá fún orílẹ̀-èdè yìí, adájọ́ kan, àti ọ̀mọ̀wé tó ń tọ́jú irúgbìn ọkà bàbà. Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ní ìwé tí ẹlòmíràn kọ nípa wọn. Mo sì rí ọ̀kan tó pe ara rẹ̀ ní "olóore gbogbo ilẹ̀ Áfíríkà". Mo ka orúkọ náà fún Agathe lórí fóònù.

"Ta ló sọ bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ sí òun fúnra rẹ̀?" ló bi mí.

"Kò sí."

"Ẹ yọ ọ́, Madame Rùkáyàt. Ẹ má bínú sí i, ẹ kàn yọ ọ́."

Mo yọ olóore.

Ọjọ́ Ajé, 14 oṣù kẹrin

Kò sí iná láti àárọ̀. Ooru ti lé ní ogójì. Mo jókòó, mo ń fi bébà fẹ́ ara mi.

Ọjọ́ Àìkú, 20 oṣù kẹrin

Mọ́kàndínlógún ti lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ báyìí. Iṣẹ́ yìí dùn mọ́ mi lọ́nà tí n kò lè ṣàlàyé fún ẹnikẹ́ni ní àdúgbò. Lánàá mo wà ní Pissy lọ́dọ̀ opó kan tí ọkọ rẹ̀ máa ń gba ohùn sílẹ̀ fún àwọn tó ń ṣe sinimá. Ariwo àwọn tó ń fọ́ òkúta kò jẹ́ kí a gbọ́ ara wa, a ń pariwo síra wa bí ẹni tó ń jà. Ó fún mi ní ìwé ìròyìn méjì tí wọ́n ti kọ nípa ọkọ rẹ̀, ó tún fún mi ní máńgòrò. Nígbà tí mo ń lọ, ó ní, "Barka, ẹ ṣeun. Ẹ ti jẹ́ kí n dárúkọ rẹ̀ lónìí ju bí mo ṣe dárúkọ rẹ̀ ní gbogbo ọdún yìí lọ."

Ti Bàbá nìkan ni n kò rí nǹkan kan sí.

Àlàmísì, 24 oṣù kẹrin

Mo gbọ́dọ̀ kọ eléyìí bó ṣe rí gan-an.

Mo lọ sí ibi tí wọ́n ń kó ìwé ìròyìn àtijọ́ pamọ́ sí. Obìnrin tó wà níbẹ̀ gbé ìdìpọ̀ 1972 fún mi, ó ní kí n má fi itọ́ ṣí i. Oṣù karùn-ún, kò sí. Oṣù kẹfà, mo rí i ní ojú-ìwé kẹrin: "Bouraïma Ganiou, ọmọ Kọ́lẹ́ẹ̀jì Béoogo, ló gba ipò kìíní nínú ìṣirò." Mo fẹ́ pariwo. Fọ́tò wà lábẹ́ rẹ̀.

Ọmọkùnrin tín-ín-rín kan ni, ọrùn rẹ̀ gùn, àlàfo wà láàárín eyín rẹ̀ méjì tó wà níwájú. Wọ́n ní Kumasi ni wọ́n bí i sí.

Dapoya ni wọ́n bí bàbá mi sí. Eyín bàbá mi kò ní àlàfo. Etí wọn ńlá yẹn, tí èmi àti Hamed jogún, kò sí lórí ọmọ yìí.

Mo jókòó síbẹ̀ títí obìnrin náà fi wá bi mí bóyá ara mi dá.

Sátidé, 26 oṣù kẹrin

Orí Wikipédíà kì í gbàgbé nǹkan. Ibì kan wà lẹ́yìn ojú-ìwé kọ̀ọ̀kan tí wọ́n ń tọ́jú gbogbo àtúnṣe sí, ẹni tó ṣe é, ọjọ́ tó ṣe é. N kò yẹ ti àtòjọ wa wò rí. Mo yẹ̀ ẹ́ wò lónìí.

Lẹ́yìn oṣù méjì tí Hamed fi fọ́tò Bàbá síbẹ̀, ẹnì kan tí kò fi orúkọ sílẹ̀ yọ ọ́. Ó kọ gbólóhùn kan: "Kì í ṣe òun." Hamed dá a padà, ó kọ pé àwọn ọmọ burúkú ló ń ba nǹkan jẹ́. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, wọ́n tún yọ ọ́. "Kì í ṣe òun." Hamed tún dá a padà. Lẹ́ẹ̀kẹta bákan náà, nínú oṣù kìíní ọdún yìí.

Ta ni? Mo ti ń bi ara mi láti àárọ̀. Ẹni tó fẹ́ ba nǹkan jẹ́ kì í padà wá lẹ́ẹ̀mẹta láti sọ ọ̀rọ̀ kan náà wọ́ọ́rọ́wọ́. Mo kọ ọ̀rọ̀ sí ibi ìfọ̀rọ̀wérọ̀ àtòjọ náà: "Ẹni tó sọ pé kì í ṣe òun, ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá mi sọ̀rọ̀. Èmi ni ọmọ ẹni tó wà nínú fọ́tò." Mo fi nọ́ńbà búrọ́ọ̀ sí i.

Jímọ̀, 2 oṣù karùn-ún

Kò sí èsì. Madame Nathalie wá béèrè ìwé àjọ̀dún rẹ̀. Mo parọ́ pé ẹ̀rọ ló ń dá mi dúró. Ó ní, "Kò burú, ṣùgbọ́n ẹ bá mi sọ fún Alhaji Premier pé àwọn ni yóò sọ̀rọ̀ lórúkọ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ àtijọ́."

Mo sọ fún Bàbá. Wọ́n ní, "Dákọ́ọ̀, ó dáa." Wọn kò wo ojú mi.

Ọjọ́ Àìkú, 4 oṣù karùn-ún

Lẹ́yìn ìrun Àsárì ni mo bá Bàbá lábẹ́ igi nínú ọgbà. Mo ti ya fọ́tò inú ìwé ìròyìn náà sínú fóònù mi. Mo fi lé wọn lọ́wọ́.

Wọ́n wò ó pẹ́. Wọ́n fi ìka nu ojú fóònù náà bí ẹni pé eruku wà lára ọmọ yẹn.

"Un," ni wọ́n wí.

"Ta ni Un, Bàbá?"

"Òun ni. Èmi ni Deux. Bùràímọ̀ Gàníyù ni orúkọ àwa méjèèjì. Tíṣà kò mọ bó ṣe máa pè wá, ló bá fi nọ́ńbà sí wa lára ní Faransé, ọ̀kan àti èjì. Ìparí ọdún 1969 ni ìdílé rẹ̀ dé láti Kumasi, ìgbà tí Gánà lé àwọn àlejò. Wọ́n kó ẹrù sí orí lọ́rì, wọ́n dé Dapoya níbí. Kò gbọ́ Faransé kankan, Rùkáyàt. Kò mọ 'bonjour'. Wọ́n fi í jókòó tì mí nítorí orúkọ. Mo kọ́ ọ ní Faransé, ó kọ́ mi ní ìṣirò." Wọ́n mi orí. "Tèmi wọ orí rẹ̀. Tirẹ̀ kò wọ orí mi."

"Kí ló dé tí ẹ kò sọ fún wa?"

"Ta ló bi mí? Hamed sáré wọlé pẹ̀lú fóònù, ó ń pariwo, ó dì mọ́ mi. Láti ọjọ́ tí mo ti bí ọmọ yẹn, kò dì mọ́ mi bẹ́ẹ̀ rí. Mo ní, ó di ọ̀la, màá sọ fún un. Nígbà tí ilẹ̀ fi máa mọ́, lémọ́ọ̀mù ti gbọ́."

Inú bí mi, àánú wọn sì ṣe mí.

"Jẹ́ kí n kú ná," ni wọ́n wí nígbà tó yá. "Ẹni ọdún méjìléláàádọ́rin kọ́ ni mí? Kò ní pẹ́. Bí mo bá kú tán, kí o tún un ṣe."

Ọjọ́rú, 7 oṣù karùn-ún

Mo sọ fún Agathe.

Ó ní, "N kò lè sọ ohun tí ẹ máa ṣe fún bàbá yín. Èyí tí mo mọ̀ ni pé ẹ ti rí ẹ̀rí. Ẹni tó bá rí ẹ̀rí, kò lè ṣe bí ẹni tí kò rí."

Nǹkan bí agogo mẹ́ta, fóònù búrọ́ọ̀ dún. Ohùn obìnrin, Faransé tó dáńgájíá.

"Ṣé ẹ̀yin ni ọmọ ẹni inú fọ́tò?"

"Èmi ni."

"Èmi ni ọmọ ẹni tó ni orúkọ."

Mo jókòó sórí àpótí bébà. Kadidiatou ni ó ń jẹ́. Ó ń ṣàkóso ilé ìkẹ́rùsí kan ní Kossodo. Ó lé lógún ìṣẹ́jú tí a fi sọ̀rọ̀, kò sì bú mi. Ì bá jẹ́ pé ó bú mi ni, ì bá sàn.

Ọjọ́ Àìkú, 11 oṣù karùn-ún

Afẹ́fẹ́ pupa jà láàárọ̀, kò sí òjò nídìí rẹ̀. Mo sọ fún Bàbá pé Un bímọ.

"Ó bímọ?" Wọ́n dìde jókòó lórí ẹní. "Ní ìlú yìí?"

"Kossodo. Bàbá rẹ̀ kú ní 1996. Ẹnjiníà ni wọ́n, àwọn ló kọ́ àwọn bàrájì kéékèèké tó ń gba omi òjò pamọ́ fún àwọn ará Sahel. Ibà ló pa wọ́n níbi iṣẹ́. Ọmọ ọdún mẹ́fà ni ọmọ yìí nígbà náà. Òun ló yọ fọ́tò yín lẹ́ẹ̀mẹta, Bàbá."

"Mo gbọ́ pé ó lọ kàwé ní òkèèrè. N kò gbọ́ pé ó padà wá." Wọ́n ń fọwọ́ ra orúnkún wọn. "Ẹ̀ẹ̀mẹta, o wí?"

"Ẹ̀ẹ̀mẹta."

"Mo rò pé àárín èmi àti Ọlọ́run ni ọ̀rọ̀ yìí wà. N kò mọ̀ pé ó ń dun ẹnì kan."

Nígbà tí a jẹun tán, wọ́n ní kí n gbé àwọn lọ sí Kossodo.

Sátidé, 17 oṣù karùn-ún

Mo fi mótò ẹlẹ́sẹ̀ méjì gbé Bàbá lọ. Wọ́n di ẹ̀yìn aṣọ mi mú ní gbogbo ọ̀nà, nítorí àwọn ọkọ̀ ńlá tó ń lọ sí ilé ìkẹ́rùsí kì í rí ẹni tó wà lórí mótò. Wọ́n wọ agbádá funfun. Nígbà tí a fi dé, ó ti pupa fún eruku.

Kadidiatou dúró lẹ́nu ọ̀nà búrọ́ọ̀ rẹ̀. Ọrùn rẹ̀ gùn. Ó kí wa, kò fún wa ní àga. Yorùbá tirẹ̀ kò ju ìkíni lọ, ọmọ ẹ̀yà Mossi ni ìyá rẹ̀, nítorí náà Faransé ni a sọ.

Ó ní, "Ẹ jẹ́ kí n sọ tèmi kí ẹ tó sọ tiyín. N kò rántí ojú bàbá mi dáadáa. Orúkọ wọn wà lórí ojú-ìwé yẹn, mo máa ń ṣí i lásán láti kà á. Lọ́jọ́ kan mo ṣí i, ojú ẹlòmíràn ni mo bá níbẹ̀."

Bàbá mi ṣí fìlà lórí. N kò rí i kí wọ́n ṣí fìlà níwájú ọmọdé rí.

"Ọmọ mi, mo ṣẹ̀ ọ́. Kì í ṣe àṣìṣe. Mo mọ̀, mo sì dákẹ́. Foríjì mí."

Ọkọ̀ kan ń fẹ̀yìn wọlé lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa, ó ń ké bíi kòkòrò. Nígbà tí ọkọ̀ náà dákẹ́, Kadidiatou béèrè ohun tí n kò retí.

"Ẹ mọ̀ wọ́n lóòótọ́? Nígbà tí wọ́n wà ní kékeré?"

"Ọdún mẹ́ta, orí bẹ́ǹṣì kan náà."

"Báwo ni wọ́n ṣe rí?"

Ìgbà náà ló gbé àga wá. Bàbá sì bẹ̀rẹ̀. Wọ́n ní Un máa ń kọrin sí imú bó bá ń ṣe ìṣirò, títí tíṣà yóò fi gbá a létí. Wọ́n ní ẹ̀rù ọ̀pọ̀lọ́ máa ń bà á débi pé ní ìgbà òjò, Bàbá fúnra wọn ló ń ṣáájú rẹ̀ ní ọ̀nà ilé-ìwé láti lé àwọn ọ̀pọ̀lọ́ náà. "Wọ́n ń bẹ̀rù ọ̀pọ̀lọ́, wọ́n wá lọ ń kọ́ bàrájì!" ni Kadidiatou wí, ó sì bú sẹ́rìn-ín, omi ń bọ́ lójú rẹ̀. Wọ́n ní nígbà tó gba ipò kìíní, àkàrà ló fi gbogbo owó ọwọ́ rẹ̀ rà, àwọn méjèèjì jẹ ẹ́ tí inú ń run wọ́n.

N kò gbọ́ ọ̀kankan nínú ìtàn wọ̀nyí rí ní ọdún méjìdínlógójì tí mo ti wà láyé.

Kí a tó lọ, Kadidiatou mú ìwé kan jáde nínú àpótí: àbọ̀ iṣẹ́ bàrájì mẹ́sàn-án, tí àwọn onímọ̀ omi mìíràn kọ, orúkọ bàbá rẹ̀ sì wà nínú rẹ̀ ní ibi márùn-ún. Ó tún fún mi ní fọ́tò wọn kan. Ẹ̀rí tó lẹ́sẹ̀ nílẹ̀!

Jímọ̀, 23 oṣù karùn-ún

Hamed gbọ́. Ó wọ búrọ́ọ̀ mi, kò kí mi.

"Àǹtí, ẹ bọ́ Bàbá sí ìhòòhò láàárín ọjà."

"Bàbá ló fẹnu ara wọn sọ ọ́."

"Ẹ̀yin lẹ wá a kàn! Ta ló ní kí ẹ lọ máa ṣí ìwé ìròyìn àtijọ́? Kí ni ó ń pa yín lára?"

Mo ní, "Mo fẹ́ mọ̀ ni."

Ó jókòó. Àgbàlagbà tó ń ta ohun èlò mótò, tí ọ̀gọ́ọ̀rọ̀ oníbàárà ń bẹ̀rù, ó jókòó sórí àpótí mi, ó ń sunkún bí ọmọdé. Ó ní ohun tó dun òun kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀bùn rárá. Ó ní ọdún mẹ́ta tí òun fi ń yangàn yẹn, Bàbá á kàn máa wo òun, wọn ò sì sọ nǹkan kan. Mo sọ ohun tí Bàbá sọ fún mi fún un, nípa ọjọ́ tó dì mọ́ wọn.

Ó gba kọ̀ǹpútà lọ́wọ́ mi. Òun fúnra rẹ̀ ló yọ fọ́tò náà.

Sátidé, 31 oṣù karùn-ún

Àjọ̀dún. Òjò àkọ́kọ́ rọ̀ ní ìdájí, gbogbo àgbàlá Béoogo di ẹrẹ̀, àwọn obìnrin gbé bàtà wọn lọ́wọ́. Mo ti kó ìwé àjọ̀dún dé: orúkọ mọ́kàndínlọ́gbọ̀n, kò sí fọ́tò Bàbá. Mo ti sọ ohun gbogbo fún Madame Nathalie. Ó ní kí Bàbá jókòó sílé, òun á wá ẹlòmíràn tó máa sọ̀rọ̀. Bàbá ní rárá.

Wọ́n dìde níwájú gbogbo èèyàn. Ohùn wọn kọ́kọ́ kéré.

"Ọdún mẹ́ta ni ẹ fi pè mí ní Premier. Èmi kọ́ ni Premier. Nínú kíláàsì wa, ipò kọkàndínlógún ni mo máa ń gbà, àfi ìgbà tí àìsàn bá ṣe àwọn mìíràn." Àwọn kan rẹ́rìn-ín. Àwọn ará mọ́ṣáláṣí wa kò rẹ́rìn-ín. "Ẹ gbé orúkọ ẹlòmíràn lé mi lórí, ó wuyì lórí mi, mo sì dé e kiri. Premier gan-an jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Ó ti kú. Ọmọ rẹ̀ nìyí."

Kadidiatou dìde.

Ìgbà náà ni bàbá arúgbó kan tó jókòó ní ìlà kejì láàárín àwọn akẹ́kọ̀ọ́ àtijọ́ fi ọ̀pá ti ara rẹ̀ dìde, ó na ìka sí Bàbá mi, ó sì pariwo: "Deux! Láti ọdún mẹ́ta ni mo ti ń dúró kí o sọ ọ́! Mo ní bí o bá kú láìsọ ọ́, n kò ní wá sin ọ́!"

Gbogbo ibẹ̀ dàrú fún ẹ̀rín. Àwọn arúgbó méjèèjì dì mọ́ra wọn. Hamed ló di Bàbá mú padà sí àga, kò sì fi ọwọ́ wọn sílẹ̀ mọ́.

Lọ́nà ilé, ẹni méjì ní mọ́ṣáláṣí kò kí wa. Mo kọ ọ́ sílẹ̀ nítorí ó ṣẹlẹ̀.

Ìṣẹ́gun, 3 oṣù kẹfà

Agathe yọ ìkìlọ̀ orí àtòjọ lónìí. Orúkọ mọ́kàndínlọ́gbọ̀n, olúkúlùkù pẹ̀lú ẹ̀rí. Bouraïma Ganiou, ẹnjiníà omi, tí wọ́n bí ní Kumasi ní 1952, tó kú ní Djibo ní 1996. Fọ́tò tí Kadidiatou fún mi wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Mo fi han Bàbá lábẹ́ igi. Wọ́n ní ojú àwọn kò gbé lẹ́tà kékeré mọ́, kí n kà á fún àwọn. Mo rò pé ti Un nìkan ni wọ́n fẹ́ gbọ́. Mo kà á, wọ́n mi orí, wọ́n ní, "Ta ló tẹ̀ lé e?"

"Obìnrin kan tó ń tọ́jú irúgbìn ọkà bàbà."

"Irú èwo? Pupa tàbí funfun? Ọmọ ta ni?"

Mo sọ ohun tí mo mọ̀. Wọ́n béèrè èyí tí n kò mọ̀, mo kọ ọ́ sílẹ̀ láti lọ wádìí. A bọ́ sórí adájọ́, a bọ́ sórí ọkùnrin tó ń gba ohùn sílẹ̀ ní Pissy. Wọ́n fẹ́ mọ bí wọ́n ṣe ń gba ohùn afẹ́fẹ́ sílẹ̀. Ẹni mẹ́sàn-án péré la tíì kà nígbà tí wọ́n pe ìrun.

Wọ́n dìde, wọ́n ń wá bàtà wọn. "Fi ìka rẹ síbi tí a dé," ni wọ́n wí, "mo ń bọ̀."